Òòyà Etí Kànga

Lọ́dún 1988, ọkùnrin kan wà ní Mùṣin tó ń túmọ̀ èdè tí kò gbọ́, àwọn èèyàn sì ń pàtẹ́wọ́ fún un. Taoheed ni wọ́n ń pè é. Iṣẹ́ rẹ̀ gan-an ni títún tẹlifíṣọ̀n àti fídíò ṣe, ní ṣọ́ọ̀bù kan lẹ́bàá ọjà Ojúwòyè. Ṣùgbọ́n bó bá di ọ̀sán ọjọ́ Àìkú, á kó irinṣẹ́ rẹ̀ sí igun kan, á to bẹ́ǹṣì, á sì máa fi fíìmù han àwọn ará àdúgbò.

Fíìmù Íńdíà ni ọ̀pọ̀ ń wá wò. Ṣùgbọ́n kásẹ́ẹ̀tì kan wà níbẹ̀ tí atukọ̀ òkun kan láti Àpápá fi ta á lọ́rẹ. Kàtúùnù ni, àwọn ará Jàpáànù ló ṣe é, èdè wọn ni wọ́n sì ń sọ láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin. Kò sí òyìnbó kankan nínú rẹ̀ tí èèyàn lè gbá mú.

Ohun tí ojú rí nínú rẹ̀ nìyí. Ọmọbìnrin kékeré kan ń gbé pẹ̀lú ìyá àgbà rẹ̀ lórí òkè. Kànga kan wà lẹ́yìn ilé wọn tó ti gbẹ. Ọmọ yìí sọ̀ kalẹ̀ sínú kànga, ó bá ìlú kan nísàlẹ̀ tí àtùpà ń jó ní gbogbo fèrèsé rẹ̀, ó sì bá ọmọkùnrin kan níbẹ̀ tó fi ewé bojú. Wọ́n jọ ń ṣeré. Ó ń lọ, ó ń bọ̀. Nígbẹ̀yìn, ọmọ náà ti di wúńdíá. Ó wọ aṣọ funfun, ó jókòó sí etí kànga, ó fi òòyà onígi ya irun rẹ̀, ó gbé òòyà náà sórí etí kànga, ó sọ gbólóhùn kan ṣoṣo sí inú rẹ̀, ó sì bá tirẹ̀ lọ. Ó parí.

Gbólóhùn kan ṣoṣo yẹn ni Taoheed fi ń dárà. Bí ọmọdé bá pọ̀ lórí bẹ́ǹṣì, á ní ọmọbìnrin náà sọ pé, "Ìyá mi ń pè mí, ó dàárọ̀." Bó bá jẹ́ àwọn mẹkáníìkì, á ní ńṣe ló ń bú ọmọkùnrin náà, wọn á sì rẹ́rìn-ín títí omi á fi bọ́ lójú wọn. Bí arẹwà bá wà níjòókòó iwájú, ọ̀rọ̀ ìfẹ́ ni. Kì í ṣe pé ó fẹ́ ṣe ẹnikẹ́ni ní jàǹbá. Ẹnu ló dùn lára rẹ̀, bí inú oníbàárà sì ṣe máa dùn ló máa ń rò.

Ọjọ́ Àìkú kan, arẹwà kan jókòó níwájú. Mujeebah ni, ọmọ Alájì Sàlíhù tó ń ta ẹ̀yà mọ́tò àlòkù ní Ládìpọ̀. Ó ṣẹ̀ṣẹ̀ jáde ìwé mẹ́wàá ni, kì í sì í lọ wo fíìmù. Rosaline ló fà á wá, ọmọ Warri tó ń ṣe irun níwájú ilé wọn, tí Yorùbá rẹ̀ kò ju kó kíni, kó sì dúnàádúrà lọ. Nígbà tí wúńdíá inú kàtúùnù gbé òòyà sílẹ̀, Taoheed fi igi ọwọ́ rẹ̀ tọ́ka sí i, ojú Mujeebah ló sì ń wò.

"Ó ní, 'Dúró dè mí. Bí o bá rí òòyà yìí, kí o mọ̀ pé mo ń padà bọ̀.'"

Ara Mujeebah bù ṣìṣì. Bí àwọn èèyàn ṣe ń túká, ó kàn jókòó síbẹ̀.

"Bọ̀dá, ẹ jọ̀ọ́, kí ló dé tí ẹ ò sọ nǹkan kan nípa aṣọ rẹ̀?"

"Aṣọ ta ni?"

"Ti ọmọ yẹn. Gbogbo ìgbà tó bá jáde látinú kànga ni aṣọ rẹ̀ ń kúrú sí i. Ó kọ́kọ́ bo ọrùn ẹsẹ̀ ẹ̀, ó wá dé orúnkún. Aṣọ kọ́ ló ń kúrú, òun ló ń ga. Ọmọkùnrin elewé yẹn ò ga ní tiẹ̀."

Taoheed wò ó bí ẹni tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ jí. Ó ti fi fíìmù yẹn hàn títí kásẹ́ẹ̀tì fẹ́ já, kò rí aṣọ kankan. Ó dá kásẹ́ẹ̀tì padà sẹ́yìn, ó wò ó, bẹ́ẹ̀ náà ló rí.

"Ta ló kọ́ ẹ ní irú ojú yìí?"

"Wọn ò kọ́ mi. Mo kàn wò ó ni."

Rosaline ti dúró lẹ́nu ọ̀nà, ó ń fi bọ́tìnnì báàgì rẹ̀ ṣeré. "See me see wahala," ó ní. "We pay make we look film, you dey look us."

Bí ọ̀rọ̀ náà ṣe bẹ̀rẹ̀ nìyẹn o. Bí Mujeebah bá ti rí àyè lọ́sàn-án, á yà sí ṣọ́ọ̀bù, Taoheed á ti kásẹ́ẹ̀tì bọnú fídíò láàárín iṣẹ́, wọn á sì máa wò ó díẹ̀díẹ̀. Wọn kì í sábà débi tó parí sí. Àríyànjiyàn ni wọ́n ń ṣe.

"Ibojì ni kànga yẹn," Taoheed á sọ. "Àwọn òkú ló ń gbé ìsàlẹ̀. Ṣé o ò rí i pé wọn kì í dàgbà?"

"Èwe ni kànga yẹn, Bọ̀dá Taoheed. Ẹ wo ẹnu rẹ̀. Nígbà tó yá, èjìká ọmọ yẹn ò fẹ́ gba ibẹ̀ mọ́. Bí èèyàn bá ti ga jù, kò lè wọ ibẹ̀ mọ́ nìyẹn."

"Ewé tó fi bojú wá ńkọ́?"

Mujeebah ronú. "Bóyá ẹni tí kò bá dàgbà ni kì í ní ojú tiẹ̀."

Lójú Taoheed, kò sí ọmọ tó gbọ́n tó èyí ní gbogbo Mùṣin. Lójú Mujeebah, òun ni ẹni àkọ́kọ́ tó bi òun ní ìbéèrè, tó sì dúró gbọ́ ìdáhùn. Nígbà tí wọ́n jọ rìn láti Yábà dé Ojú Ẹlẹ́gbà lọ́jọ́ kan, tí òjò ká wọn mọ́ abẹ́ afárá, "o" já bọ́ lẹ́nu Mujeebah níbi tí "ẹ" ti yẹ kó wà. Ó ní, "O mà ti tutù." Ó fọwọ́ bo ẹnu, ó fẹ́ tọrọ gáfárà.

"Má dá a padà," Taoheed ní. "Bẹ́ẹ̀ ni kó o máa pè mí títí lọ. Màá wá rí Alájì."

Ṣùgbọ́n Alájì ló kọ́kọ́ wá rí i. Àwọn elétekéte ti gbé ọ̀rọ̀ dé Ládìpọ̀. Lọ́jọ́ Àìkú kan, Alájì Sàlíhù wọlé pẹ̀lú jalámíà funfun, ó sanwó bíi gbogbo èèyàn, ó sì jókòó sí bẹ́ǹṣì ẹ̀yìn láàárín àwọn mẹkáníìkì. Ẹ̀rín ni wọ́n ń fẹ́ lọ́jọ́ náà, Taoheed sì fún wọn ní ẹ̀rín. Ó ní wúńdíá náà sọ fún ọmọkùnrin pé, "Ọ̀lẹ ni ẹ́, jáde síta kó o wáṣẹ́ ṣe!" Ilé fẹ́rẹ̀ẹ́ wó.

Nígbà tí wọ́n lọ tán, Alájì sún mọ́ ọn. "Ọmọ mi, o kúṣẹ́. Níbo lo ti kọ́ èdè yẹn?"

Taoheed kò mọ̀ ọ́n rí. Ó rẹ́rìn-ín. "Alájì, mi ò gbọ́ ọ o. Ojú inú ni mo fi ń sọ ọ́."

"Hẹn-ẹn," Alájì ní, ó sì jáde.

Ní alẹ́ ọjọ́ kejì, bí wọ́n ti kí ìrun Ìṣáí tán, ó pe Mujeebah síwájú ìyá rẹ̀, Kùdírátù.

"Mo ti rí ọkọ ẹ," ó ní. Kò jágbe. Ká ní ó jágbe ni, ì bá dára. "Ọmọlúàbí ni lójú, mi ò purọ́ mọ́ ọn. Ṣùgbọ́n ẹni tó lè dúró níwájú ọ̀pọ̀ èèyàn, tó ń túmọ̀ èdè tí kò gbọ́, kí ló máa túmọ̀ fún ẹ nínú ilé?"

"Bàbá, eré ni."

"Mo mọ̀. Ó ní ọmọ yẹn ń bú ọmọkùnrin yẹn ní ọ̀lẹ, gbogbo wọ́n rẹ́rìn-ín, èmi gan-an rẹ́rìn-ín. Eré ni. Ìwọ tó ń fẹ́, ṣé eré nìyẹn náà?"

Kùdírátù mi orí. "Mujeebah, ẹnu dídùn kì í ṣe ilé ọkọ."

Mujeebah wo ilẹ̀. Ó gbọ́ ohun tí bàbá rẹ̀ sọ nípa èébú yẹn dáadáa. Ó sọ fún ara rẹ̀ pé Bàbá kò gbọ́ dáadáa ni, tàbí kó jẹ́ fíìmù mìíràn ni wọ́n gbé síbẹ̀ lọ́jọ́ náà. Ní ti pé Taoheed kò gbọ́ èdè Jàpáànù, ìyẹn kò dùn ún. Ó ní nínú ọkàn rẹ̀ pé, "Bí ọmọ inú fíìmù kò bá sọ ọ́, òun ló sọ ọ́. Ojú mi ló ń wò nígbà tó ń sọ ọ́. Ọ̀rọ̀ tiẹ̀ ni." Bí ìfẹ́ ṣe máa ń di èèyàn létí nìyẹn.

Alájì kò ní kí wọ́n má fẹ́ra. Ohun tó sọ le ju bẹ́ẹ̀ lọ. Ó ní Mujeebah máa lọ sọ́dọ̀ àǹtí rẹ̀ ní Kàdúná, kó lọ kọ́ iṣẹ́ olùkọ́, kó sì ṣe é níbẹ̀, ọdún márùn-ún. Kò ní sí lẹ́tà, kò ní sí ìpàdé. "Bó bá jẹ́ tìẹ ni, wàá bá a níbẹ̀."

Ọjọ́ tó ku ọ̀la kó lọ, Kùdírátù pe Rosaline kó wá di irun Mujeebah ní pálọ̀, òun fúnra rẹ̀ sì jókòó tì wọ́n, kò dìde. Mujeebah kò rí àyè sọ gbólóhùn kan. Ṣùgbọ́n ó ti ra òòyà onígi kan pamọ́ láti ọjà Ojúwòyè, èyí tó jọ ti inú fíìmù. Nígbà tí Rosaline ń palẹ̀ mọ́, Mujeebah ti òòyà náà sáàárín àwọn kóòmù inú báàgì rẹ̀, ó sì sọ sí i létí kíá pé, "Give Taoheed. Say na me. E go understand."

Lójú Rosaline, òòyà ni òòyà. Ohun tó fi ń jẹun ni. Ká ní àgbà obìnrin Yorùbá kan ni Mujeebah bẹ̀ níṣẹ́ yìí ni, ì bá ti gbá ọwọ́ rẹ̀ dànù. Àwọn àgbà kì í fi òòyà ránṣẹ́ sí ẹni tí wọ́n fẹ́ràn. Àrokò ni. Ohun tó ń ya irun sọ́tọ̀ọ̀tọ̀ ni, bó bá sì dé ọwọ́ èèyàn, ó ti yà á sọ́tọ̀ nìyẹn. Kùdírátù mọ̀ ọ́n. Ó jókòó sí pálọ̀ yẹn tojútojú, òòyà kọjá lábẹ́ imú rẹ̀, kò rí i. Mujeebah tí wọ́n bí sí Mùṣin kò gbọ́ irú rẹ̀ rí. Bàbá rẹ̀ kọ́ ọ ní Kùránì, ilé ìwé kọ́ ọ ní òyìnbó, kò sẹ́ni tó kọ́ ọ ní àrokò.

Láàárọ̀ ọjọ́ kejì, Rosaline yà sí ṣọ́ọ̀bù. Ìyá Taoheed wà níbẹ̀, ó gbé oúnjẹ àárọ̀ wá fún ọmọ rẹ̀.

"Your woman dey enter train go Kaduna today. She say make I give you this," Rosaline ní. "She say you go understand." Ó ní àwọn oníbàárà ń dúró de òun, ó sì lọ.

Taoheed ń yí òòyà náà lọ́wọ́, ẹ̀rín díẹ̀ wà lójú rẹ̀.

"Kí nìyẹn?" ìyá rẹ̀ bèèrè.

"Òòyà ni. Mujeebah ló fi ránṣẹ́."

Ìyá gbé ọwọ́ méjèèjì lérí. "Yéè! Taoheed, wọ́n ti yà ẹ́."

"Ìyá, kì í ṣe bẹ́ẹ̀. Nínú fíìmù kan tí a jọ máa ń wò..."

"Nínú fíìmù, kí ni wọ́n fi òòyà ṣe?"

"Ọmọbìnrin yẹn gbé e sílẹ̀ fún ọmọkùnrin yẹn."

"Ó gbé e sílẹ̀, ó wá ṣe báwo?"

"Ó lọ."

"Ó lọ!" Ìyá rẹ̀ pàtẹ́wọ́ lẹ́ẹ̀kan. "Ìwọ wá ń bi mí ní kí ló túmọ̀ sí? Ọmọ Alájì ti gbọ́n jù ẹ́ lọ. Kò fẹ́ sọ ọ́ lójú ẹ, ó fi àrokò sọ ọ́."

Taoheed fẹ́ jiyàn, ó sì wá ọ̀rọ̀ tó máa fi jiyàn. Kí ni òun tiẹ̀ sọ lọ́jọ́ tí Mujeebah wò ó parí? Ṣé ọ̀rọ̀ ìfẹ́ ni, àbí "ó dàárọ̀", àbí èébú? Ó ti sọ ọ́ lóríṣiríṣi débi pé gbogbo rẹ̀ dà pọ̀ mọ́ra wọn. Ó wá inú orí rẹ̀ kiri bí ẹni ń wá kọ́kọ́rọ́, kò rí i. Ohun kan ṣoṣo tó dá a lójú ni ohun tí ìyá rẹ̀ sọ, torí pé ohùn ìyá rẹ̀ kì í yí padà. Ó rántí "hẹn-ẹn" Alájì náà, ó ti wá mọ̀ pé bàbá Mujeebah ló sọ ọ́. Ìtìjú bò ó, inú sì bí i.

Ọkọ̀ ojú irin Kàdúná kò tíì kúrò ní Ìdó lásìkò náà. Ó lè sáré lọ. Kò sáré.

Ní Ìdó, Mujeebah jókòó sójú fèrèsé, bàbá rẹ̀ dúró sí ìsàlẹ̀, ó ń ka àdúà. Ó wo gbogbo ojú tó wà níbẹ̀ títí ọkọ̀ fi gbéra. Kò rí Taoheed, kò sì bínú. Ó ti fi òòyà sílẹ̀, ọmọkùnrin inú kànga náà kò jáde wá sin ọmọbìnrin yẹn. Ìsàlẹ̀ ló wà, ó ń dúró. Ọkàn rẹ̀ balẹ̀ láti Ìdó títí dé Ìbàdàn. Ó dùn mí láti sọ ọ́, ọkàn rẹ̀ balẹ̀ gan-an.

Ó lo ọdún rẹ̀ ní Kàdúná pé. Ọkùnrin mẹ́ta tó yanjú bi í léèrè, ó sì dá wọn lóhùn bákan náà pé ẹnì kan ń dúró de òun ní Mùṣin. Àǹtí rẹ̀ bi í lọ́jọ́ kan bó ṣe dá a lójú.

"A ti sọ ọ́, Àǹtí."

"Ẹ kọ ọ́ sílẹ̀?"

"A sọ ọ́."

Ọdún tí wọ́n fagi lé ìbò ló padà dé, táyà ń jó lójú títì, gbogbo Mùṣin ń rùn fún èéfín. Kò dúró jẹun. Ó wọ aṣọ funfun kan tó rán fún ọjọ́ yẹn, ó sì gba Ojúwòyè lọ.

Obìnrin kan ló bá ní ṣọ́ọ̀bù, tó ń fún ọmọ lọ́mú. "Ẹ káàbọ̀, Àǹtí. Ọkọ mi ń bọ̀ nísinsìnyí, ẹ jókòó. Èmi ni Ọmọ́níkẹ́."

Mujeebah jókòó. Ó wo tábìlì iṣẹ́. Òòyà onígi rẹ̀ wà níbẹ̀ láàárín àwọn sikirudiráfà. Eyín rẹ̀ ti dúdú, ó sì ti ń ká. Wọ́n fi ń gbá eruku ẹ̀yìn tẹlifíṣọ̀n ni.

Taoheed wọlé, ó rí i, ó dúró bí ẹni tí iná gbé.

"Baba Káfílà, ẹ ní àlejò," Ọmọ́níkẹ́ ní. "Ẹ jẹ́ n lọ ra mínírà tútù fún wọn." Ó gbé ọmọ pọ̀n, ó jáde. Onínúure obìnrin ni, ìyẹn gan-an ló mú kó nira.

"Mo fi òòyà ránṣẹ́ sí ẹ," Mujeebah ní.

"Mo rí i gbà."

"O rí i gbà."

"Mujeebah, òòyà lo fi ránṣẹ́ o! Òòyà! Kí lo fẹ́ kí n rò? Ìyá mi fọwọ́ lérí. Wọ́n ní o ti yà mí. Mo sunkún nínú ṣọ́ọ̀bù yìí, kò sẹ́ni tó mọ̀."

"Ìwọ lo sọ ọ́ fún mi. Ibí yìí lo dúró sí. O ní, 'Dúró dè mí. Bí o bá rí òòyà yìí, kí o mọ̀ pé mo ń padà bọ̀.' Ojú mi lò ń wò!"

Mujeebah rí i pé Taoheed ń wá nǹkan nínú orí rẹ̀, pé kò rí i.

"Ìgbà wo ni mo sọ ọ́?" ó bèèrè pẹ̀lú ohùn kékeré.

"Sọ́ńdè tí mo kọ́kọ́ wá."

"Mi ò rántí." Ó jókòó sórí bẹ́ǹṣì. "Jọ̀ọ́, má wò mí bẹ́ẹ̀. Mi ò sọ nǹkan kan náà lẹ́ẹ̀mejì rí. Bí mo bá ṣe rí àwọn tó wá ni mo ṣe máa ń sọ ọ́. Mo rò pé gbogbo yín mọ̀."

Mujeebah rántí ọ̀rọ̀ bàbá rẹ̀. Bàbá ti sọ ọ́ fún un. Èébú yẹn, ọ̀lẹ yẹn, Bàbá gbọ́ ọ dáadáa. Ohun tó fi gbogbo ọdún Kàdúná gbé, tó fi lé ọkùnrin mẹ́ta lọ, eré ọ̀sán ọjọ́ Àìkú kan ni lẹ́nu ẹni tó sọ ọ́. Kò sunkún. Ọmọ́níkẹ́ gbé mínírà dé, Mujeebah sì mu ún tán, torí pé obìnrin náà kò ṣẹ̀ ẹ́.

Ó fẹ́ Àbdùlsàmàd lọ́dún tó tẹ̀lé e, òṣìṣẹ́ ilé iṣẹ́ rélùwéè kan tí kì í sọ̀rọ̀ púpọ̀. Alájì ló mú un wá. Èèyàn rere ni. Bó bá ní òun máa dé ní aago márùn-ún, aago márùn-ún ló ń dé. Mujeebah ń bọ̀wọ̀ fún un, ó bí ọmọbìnrin kan fún un, ó sì ń kọ́ni nílé ìwé kan ní Surulere, níbi tí wọ́n ń gbé. Ìgbà mìíràn wà tó máa ń wo ọkọ rẹ̀ bó ti ń jẹun ní ìdákẹ́jẹ́, tí àárò irọ́ dídùn Taoheed á máa sọ ọ́.

Ní 1997, olùkọ́ ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ kan, Adéfúnmiláyọ̀, pè é sílé lọ́sàn-án ọjọ́ Sátidé. Dókítà ni ọkọ rẹ̀, Ìdí-Àràbà ni wọ́n ń gbé, Jàpáànù ló sì ti lọ gba ẹ̀kọ́ sí i. Àwọn ọmọ ilé ń wo fíìmù. Mujeebah kò tíì jókòó tán tó fi rí òkè yẹn, àti kànga yẹn.

Ọ̀rọ̀ òyìnbó ń kọjá lábẹ́ àwòrán lọ́tẹ̀ yìí. Ó dúró síbẹ̀ pẹ̀lú báàgì lápá, ó ń kà á. Ọmọkùnrin elewé ń bẹ ọmọbìnrin náà kó má dàgbà. Ìyá àgbà ń ṣọ́ ọ, kò bá a wí. Nígbà tó kan etí kànga, tí wúńdíá gbé òòyà sílẹ̀, Mujeebah sún mọ́ tẹlifíṣọ̀n. Ó kà á.

Ohun tó wà níbẹ̀ ni pé: Má dúró dè mí. Ọmọ tí o mọ̀, mo fi òun sílẹ̀ fún ẹ pẹ̀lú òòyà yìí.

"Àwọn ará ibẹ̀ kì í fi òòyà tọrẹ," Adéfúnmiláyọ̀ ń sọ láti ìdí tábìlì. "Dókítà ló sọ fún mi. Wọ́n ní ìpínyà ni. Mo ní bíi ti àwọn àgbà wa náà nìyẹn. Ẹ ò rí nǹkan?"

Mujeebah bẹ̀rẹ̀ sí í rẹ́rìn-ín. Ó rẹ́rìn-ín débi pé àwọn ọmọ yíjú padà wò ó. Àwọn àgbà Mùṣin mọ̀, gbogbo Jàpáànù mọ̀, ìyá Taoheed tí kò mọ̀wé mọ̀. Òun tó rí aṣọ tó ń kúrú, tó rí ẹnu kànga tó ń fún, òun nìkan ni kò rí i pé ọmọ náà ń lọ ni. Ó ti wà nísàlẹ̀ kànga láti ọdún 1988 pẹ̀lú ewé lójú, ó ń pe ara rẹ̀ ní ẹni tó jáde.

Ó pinnu pé òun máa lọ sọ fún Taoheed. Kò ní ibi lọ́kàn. Ó rò pé bí wọ́n bá jọ gbọ́ òtítọ́ náà, ẹrù náà á fúyẹ́ fún àwọn méjèèjì. Láti Surulere dé Mùṣin ló ń to ọ̀rọ̀ náà pọ̀: ìyá yín ló tọ̀nà, kò sẹ́ni tó ṣẹ ẹnì kankan.

Fíìmù Yorùbá ni Taoheed ń yá àwọn èèyàn báyìí. Ó ti sanra, irun iwájú orí rẹ̀ ti ń lọ. Ó fò dìde. "Mujeebah! Wá jókòó."

"Ẹ káàsán, Bọ̀dá Taoheed."

Ó gbọ́ "ẹ" yẹn. Ojú rẹ̀ rẹ̀wẹ̀sì díẹ̀.

"Ẹ wò ó, mo rí fíìmù yẹn. Wọ́n kọ òyìnbó sí i lábẹ́. Mo rí ohun tí ọmọ yẹn sọ."

Taoheed sún mọ́ ọn. "Ní tòótọ́? Kí ló sọ?" Ẹ̀rín ti ń yọ lójú rẹ̀, ó ń fọwọ́ ra ọwọ́. "Ìyá mi ló tọ̀nà, àbí? Ọlọ́hun tẹ́ wọn sí afẹ́fẹ́ rere. Ìpínyà ni, àbí bẹ́ẹ̀ kọ́? Mo mọ̀! Mo mọ̀ pé kì í ṣe ẹ̀bi mi."

Mujeebah wo ẹ̀rín yẹn. Ọ̀rọ̀ tó tò láti Surulere ti wà lẹ́nu rẹ̀, ó kù kó sọ ọ́. Ó wá rí i kedere: bí òun bá sọ ọ́, ọkùnrin yìí á sùn dáadáa lálẹ́ òní, á sì máa sùn dáadáa títí ọjọ́ ayé rẹ̀. Òun ńkọ́?

"Rárá," ó ní. "Ẹ̀yin lẹ tọ̀nà. Ó ní, 'Dúró dè mí.'"

Ẹ̀rín náà kú. Taoheed jókòó díẹ̀díẹ̀.

"Ṣé ó padà wá?"

"Ó padà wá. Kò bá a níbẹ̀."

Taoheed bẹ̀rẹ̀ sí í tú tábìlì iṣẹ́ rẹ̀, ó ń gbé irinṣẹ́ kan, ó ń sọ òmíràn kalẹ̀. "Ọmọ́níkẹ́!" ó pè sí ẹ̀yìnkùlé. "Òòyà onígi yẹn dà?"

"Èwo? Èyí tó ti kán yẹn? Ó ti pẹ́ tí mo ti fi dáná."

Mujeebah dìde, ó kí wọn pé ó dàbọ̀, ó sì jáde. Ó ti rò pé irọ́ náà máa dùn lẹ́nu òun bó ṣe dùn lẹ́nu Taoheed lọ́jọ́ àkọ́kọ́. Kò dùn. Ohùn bàbá rẹ̀ ló ń gbọ́, tó ń bèèrè ohun tí ẹni tó ń túmọ̀ irọ́ máa túmọ̀ nínú ilé, ọmọbìnrin rẹ̀ sì ń dúró dè é nílé.

Ó dúró sójú títì. Ṣọ́ọ̀bù náà kò jìnnà, ó ń rí Taoheed láti ibẹ̀, tó gbé orí lé tábìlì. Ó lè padà lọ sọ òtítọ́ fún un. Ọkọ̀ Surulere dé, ó wọ̀ ọ́.